Orúkọ Tí Ọ̀rẹ́ Mi Gbà Padà Lọ́wọ́ Adájọ́

Òórùn àbọ́níkí ni ó kọ́kọ́ wọ ilé-ẹjọ́ gíga ìlú Atlanta kí àwa tí a gbé e wá tó wọlé. Ìyá mi ti fi pa orúnkún rẹ̀ méjèèjì nínú mọ́tò láti ilé wa ní Ellenwood, ó tún fi ra ọrùn, nítorí ó ní ẹ̀rọ amúlétutù àwọn òyìnbó kò láàánú àgbà. Nígbà tí a tò sẹ́nu ọ̀nà kí àwọn ẹ̀ṣọ́ lè yẹ báàgì wa wò, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó wọ súùtù bẹ̀rẹ̀ sí í fín imú, ó ń wo ọ̀tún, ó ń wo òsì. Mo ṣe bí ẹni tí kò mọ nǹkan kan. Ilẹ̀ ilé náà ń dán, òórùn ọṣẹ ìfọlẹ̀ pẹ̀lú ti kọfí ń ti ọ̀nà jíjìn bọ̀, àmọ́ àbọ́níkí ìyá mi ti borí gbogbo wọn. Ara mi ti wà lọ́nà fún ọjọ́ náà tipẹ́, bí ọmọ tí wọ́n ṣèlérí aṣọ ọdún fún.

Má rò pé èmi ni mo ní ẹjọ́ o. Ọ̀rẹ́ mi ló ni ín. Ilé ìwòsàn kan ní McDonough ni a ti jọ ń ṣiṣẹ́, níbi tí a ti ń fi ẹ̀rọ fọ ẹ̀jẹ̀ àwọn tí kíndìnrín wọn ti daṣẹ́ sílẹ̀. Èmi ni nọ́ọ̀sì, òun ló ń tọ́jú àwọn ẹ̀rọ, ó sì mọ ohùn ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn débi pé bí èyíkéyìí bá fẹ́ ráhùn, yóò ti dé ìdí rẹ̀ kí iná pupa tó tàn. Ọmọ Amẹ́ríkà ni, aláwọ̀ dúdú bíi tèmi, ìlú kékeré kan ní gúúsù Georgia ni wọ́n ti bí i. Èmi ń kọrin nínú kwáyà lọ́jọ́ Ìsinmi, òun ń bọ Ọ̀ṣun, ìlẹ̀kẹ̀ rẹ̀ aláwọ̀ ìyeyè a sì máa yọjú lábẹ́ aṣọ iṣẹ́. Ìyàwó pásítọ̀ wa bi mí lẹ́ẹ̀kan pé kí ni ìmọ́lẹ̀ àti òkùnkùn jọ ń ṣe. Mo ní, “Mummy, break la jọ máa ń lọ.” Òótọ́ sì ni. Ìbáṣọ̀rẹ́ wa bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ dé ibẹ̀, tó kúnlẹ̀ lórúnkún méjèèjì láàárín yàrá ìjẹun, tó ní, “Ẹ káàárọ̀, mà,” bẹ́ẹ̀ ẹgbẹ́ ni wá, tí àwọn yòókù sì bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, tí wọ́n ń bá a wá nǹkan tí wọ́n rò pé ó jábọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Luvenia ni wọ́n sọ ọ́. Kò fẹ́ràn orúkọ náà rárá. Ó ní orúkọ àwọn ìyá arúgbó ni, pé ní ilé ìwé wọ́n fi òun ṣe yẹ̀yẹ́ títí tí òun fi ń pe ara òun ní Vee. Nígbà tó wá dàgbà, tó bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìtàn bí wọ́n ṣe kó àwọn baba ńlá rẹ̀ kọjá òkun, ó dá a lójú pé orúkọ tí olówó ẹrú kan fi sílẹ̀ sínú ẹbí wọn ni. Ó ní òun kò ní kú sórí orúkọ ẹrú. Nítorí náà ló ṣe kọ ìwé ẹ̀bẹ̀ sí ilé-ẹjọ́ gíga, èyí tí wọ́n ń pè ní Superior Court, pé kí wọ́n bá òun pa Luvenia rẹ́, kí wọ́n sì fi Ìdòwú rọ́pò rẹ̀.

Ìdòwú kẹ̀! Mo ṣàlàyé fún un pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Mo ní Ìdòwú kì í ṣe orúkọ tí èèyàn ń ṣà bí ẹni ṣa aṣọ lọ́jà, pé ọmọ tí a bá bí tẹ̀ lé ìbejì ni Ìdòwú, ọ̀run ló ti mú un wá. Ó ní òun mọ̀, òun ti kà á. Ó ní ìyá àgbà tó kọ́ òun lórin ní ilé òrìṣà wọn ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, pé ọjọ́ tí òun kọ́kọ́ gbọ́ ọ, gbogbo irun ara òun ló dìde, àti pé bí ara òun kò bá tẹ̀ lé ìbejì, ẹ̀mí òun tẹ̀ lé wọn. Kí ni kí n tún wí? Ní ìlú tí mo ti rí ológbò tó ń jẹ́ Ṣàngó, tí kò sì lè pa eku, ta ni yóò fi mí ṣe ọlọ́pàá orúkọ? Mo gbà pé n ó bá a dé ilé-ẹjọ́, kí n bá a pe orúkọ náà kí adájọ́ lè gbọ́ ohùn rẹ̀ bó ti yẹ, nítorí lẹ́nu tirẹ̀, dò-re-mí ibẹ̀ a máa dojú rú.

Òfin ibẹ̀ ni pé ẹni tó bá fẹ́ pààrọ̀ orúkọ gbọ́dọ̀ kéde rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn, kí ẹni tí kò bá tẹ́ lọ́rùn lè jáde sọ̀rọ̀. Ọ̀rẹ́ mi ní ta ló tún ń ka ìwé ìròyìn láyé ìsinsìnyí. Ó gbàgbé àwọn obìnrin ṣọ́ọ̀ṣì. Ọ̀kan nínú àwọn ará ìlú wọn tó ń gbé Atlanta rí ìkéde náà, ó ya á ní fọ́tò, kí ilẹ̀ tó ṣú ó ti dé orí fóònù ìyá ọ̀rẹ́ mi ní gúúsù. Bí obìnrin náà ṣe gbọ́ nìyẹn pé ọmọ òun ń kọ orúkọ tí òun fi ẹnu ara òun sọ ọ́. Kò pariwo. Ó kọ̀wé sí ilé-ẹjọ́ pé òun kò fara mọ́ ọn, adájọ́ sì dá ọjọ́ tí yóò gbọ́ tẹnu àwọn méjèèjì. Lẹ́yìn náà ló fi ohùn ránṣẹ́ sí ọmọ rẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi gbé fóònù náà sí mi létí, mo sì gbọ́ ọ kedere: “Ọjọ́ tí adájọ́ bá fọwọ́ sí i, kí o wá ẹlòmíràn tí wàá máa pè ní Mama.”

Láti ìgbà náà, wọn kò bá ara wọn sọ̀rọ̀ mọ́. Ọmọ kan ṣoṣo tí obìnrin náà bí láyé nìyẹn o. Ọ̀rẹ́ mi á jókòó sínú mọ́tò rẹ̀ kó tó wọṣẹ́, á sunkún tán, á nu ojú, á wọlé, á ní kò sí nǹkan. Ìyá rẹ̀ ló ń sunkún sí. Ṣùgbọ́n kò ṣe tán láti yí padà, nítorí lójú tirẹ̀, bí òun bá fà sẹ́yìn, òun ti gbà pé ẹrú ni òun. Èmi tí mo wà láàárín kò mọ ibi tí n ó ti dì í mú. Mo kàn mọ̀ pé bí ọjọ́ náà bá ti lè parí, yálà ó ti jèrè orúkọ, ó sì ti pàdánù ìyá, tàbí kó jẹ́ pé ó rí ìyá rẹ̀ gbà, kó sì máa fi ẹ̀dùn ọkàn jẹ́ Luvenia títí ayé.

Ìyá tèmi ni kò yẹ kó wà níbẹ̀ rárá. Ó wá kí wa láti ilẹ̀ Yorùbá ni. Olùkọ́ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni kó tó fẹ̀yìn tì, ó sì gbà pé gbogbo ayé yìí ṣì ni kíláàsì òun. Láàárọ̀ ọjọ́ náà, mo sọ fún un pé court ni mò ń lọ.

Ó ní, “Kí lo ṣe?”

“N ò ṣe nǹkan kan, Mummy. Ọ̀rẹ́ mi ni mo fẹ́ sìn lọ.”

“Ẹni tí kò ṣe nǹkan kan kì í lọ sí kóòtù,” ni ó wí, ó sì ti ń wọ bàtà.

Lójú ọ̀nà ni mo ti ro gbogbo rẹ̀ fún un. Ó pòṣé títí. Ó ní, “A kì í ti kóòtù dé ṣọ̀rẹ́. Ìyá àti ọmọ wá ńkọ́?” Nígbà tí mo wá dé orí Ìdòwú, ó yí gbogbo ara sí mi, bẹ́líìtì mọ́tò sì fẹ́rẹ̀ẹ́ fún un lọ́rùn pa. “Ìdòwú? Àwọn ìbejì dà?” Mo ní kò sí ìbejì. Ó dákẹ́. Bí ìyá mi bá dákẹ́, kí o yáa máa ṣọ́ra.

Bẹ́ńṣì gígùn kan wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ iwájú yàrá ìdájọ́. Ọ̀rẹ́ mi jókòó sí ìpẹ̀kun kan, ó wọ funfun láti òkè délẹ̀, ó wé gèlè funfun. Ìyá rẹ̀ jókòó sí ìpẹ̀kun kejì, ó dé àkẹtẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì aláwọ̀ èsè àlùkò, báàgì wà lórí itan, ó ń wo ilẹ̀kùn yàrá náà bí ẹni pé ilẹ̀kùn ló jẹ ẹ́ níyà. Kwáyà wa lè jókòó sáàárín àwọn méjèèjì kó sì gbà wá. N kò tíì rí wọn pọ̀ rí kó tó dọjọ́ náà. Iwájú orí kan náà, ìjókòó kan náà, ẹsẹ̀ kan náà tí wọ́n fi kọ́ ara wọn. Àánú wọn ṣe mí débi pé mo gbàgbé láti kí wọn. Ìyá mi kò gbàgbé tirẹ̀. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó gba ọ̀dọ̀ ìyá alákẹtẹ̀ lọ, ó jókòó tì í, ó sì gbé ọwọ́ lé ọwọ́ rẹ̀ bí ẹni tó ti mọ̀ ọ́n tipẹ́.

“Good morning, my sister,” ni ìyá mi wí.

Obìnrin náà wo ọwọ́ náà, ó wo ojú ìyá mi, ó sì dáhùn. Ibẹ̀ ni iṣẹ́ tèmi ti bẹ̀rẹ̀. Ìyá mi gbọ́ gẹ̀ẹ́sì, ó fi kọ́ ọmọ aráyé. Ìyá alákẹtẹ̀ gbọ́ gẹ̀ẹ́sì, kò gbọ́ èdè mìíràn. Ṣùgbọ́n gẹ̀ẹ́sì ọ̀kan kò mọ gẹ̀ẹ́sì èkejì rí. Èyí á sọ̀rọ̀, tọ̀hún á yíjú sí mi. Tọ̀hún á fèsì, èyí á ní, “Kí ló wí?” Ni mo bá di ògbufọ̀ láti inú gẹ̀ẹ́sì sínú gẹ̀ẹ́sì, pẹ̀lú ìwé ẹ̀rí nọ́ọ̀sì tí mo gbà ní ìlú méjì.

“Bi wọ́n fún mi,” ni ìyá mi sọ, “pé àwọn ìbejì wọn dà.”

“Mummy, ẹ jọ̀ọ́. Court la wà o.”

“Mo mọ̀ pé court la wà. Ṣé àgbà á wà lọ́jà kórí ọmọ tuntun wọ́ ni? Bi wọ́n.”

Mo bi wọ́n. Ìyá alákẹtẹ̀ wò mí bí ẹni tí orí ń yí. Ó ní, “Ìbejì wo? N ò bí ìbejì rí. Òun nìkan ni mo bí, ohun tójú mi sì rí lórí rẹ̀ tó ti ọmọ mẹ́wàá.”

Mo túmọ̀ rẹ̀. Ìyá mi súnmọ́ ọn sí i. “Kí lojú wọn rí? Báwo ni wọ́n ṣe bí i?”

Mo rò pé ìjà ni yóò dé. Ta ni ń bi àjèjì ní irú ìyẹn níwájú ilẹ̀kùn adájọ́? Ṣùgbọ́n ó dà bíi pé ó ti pẹ́ tí obìnrin náà ti ń retí ẹni tí yóò bi òun. Ó ṣí àkẹtẹ̀ rẹ̀, ó gbé e lé itan, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ sì rọ̀. Ó ní àárín oko ẹ̀pà ni ilé àwọn wà nígbà náà, pé òjò ti gbé ọ̀nà lọ, kò sí bí wọ́n ṣe lè gbé òun dé ọsibítù. Ìyá agbẹ̀bí àdúgbò ló fi ẹsẹ̀ wọ́ ẹrẹ̀ dé ọ̀dọ̀ òun. Ó ní nígbà tí ọmọ náà jáde, kò ké, àwọ̀ rẹ̀ sì dà bí aró, nítorí ìwọ́ rẹ̀ ti yí i lọ́rùn, ó fún un pinpin. Ìyá òun ti dìde, ó ti ń fi aṣọ bo dígí inú yàrá, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe ní ilé tí òkú bá ti ṣẹlẹ̀. Ṣùgbọ́n agbẹ̀bí náà kò wo ẹ̀yìn. Ó ki ìka bọ abẹ́ ìwọ́, ó tú u díẹ̀díẹ̀, ó fẹ́ atẹ́gùn sí ọmọ náà lẹ́nu, ó sì ń bá a sọ̀rọ̀ bí ẹni ń bẹ àgbàlagbà. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀lọpọ̀ ìgbà, ọmọ náà ké.

N kò tíì túmọ̀ rẹ̀ tán tí ìyá mi fi gbé ọwọ́ lé ọrùn ara rẹ̀. “Ìwọ́? Lọ́rùn?”

“Bẹ́ẹ̀ ni, Mummy. Lọ́rùn.”

Ó dìde dúró. Orúnkún tí a ń tìtorí ẹ̀ pa àbọ́níkí láti ilé, ó gbàgbé pé ó ń ro òun. “Àìná!” ló pariwo. “Háà! Àìná ni! Àìná lẹ fẹ́ sọ di Ìdòwú!” Ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà gba ohùn rẹ̀, ó gbé e lọ, ó tún gbé e padà. Agbẹjọ́rò méjì yíjú. Ẹ̀ṣọ́ kan, géńdé ọkùnrin, rìn wá kíákíá, ó ní, “Mà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ rọra.” Ìyá mi di ọwọ́ ọkùnrin náà mú, ó nawọ́ sí ọ̀rẹ́ mi, ó ní, “Àìná ni!” Ọkùnrin náà ní, “Yes, ma'am.” Kí ló tún fẹ́ wí?

Ọ̀rẹ́ mi ti dìde ní ìpẹ̀kun bẹ́ńṣì tirẹ̀. Ó ti gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ó ń bọ̀ lọ́dọ̀ wa bí ẹni tí ń rìn lórí omi, ó ní, “Kí ló ń jẹ́ Àìná?”

Mo ní nílẹ̀ wa, ọmọ tó bá gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé, bó bá jẹ́ ọkùnrin, Òjó ni, bó bá jẹ́ obìnrin, Àìná ni. Bàbá kì í yàn án, ìyá kì í yàn án. Ọmọ náà ló gbé orúkọ rẹ̀ lọ́wọ́ dé. Mo ní, “Ìwọ tí o ti ń wá orúkọ láti ọjọ́ yìí, èyí ti wà lọ́rùn rẹ láti ọjọ́ tí o ti dáyé. Adájọ́ kò lè fún ọ. Kò sì sí adájọ́ tó lè gbà á.” Mo ń rẹ́rìn-ín, omi sì ń bọ́ lójú mi. Inú mi dùn débi pé mo fẹ́ fò.

Ọ̀rẹ́ mi yíjú kúrò lọ́dọ̀ mi. Ìyá rẹ̀ ló ń wò. Ó ní, “Mama, ẹ ò sọ fún mi rí pé mo fẹ́rẹ̀ẹ́ kú.”

“O ò bi mí rí,” ni ìyá rẹ̀ wí. “Ìwọ lo máa ń sọ fún mi ohun tí orúkọ rẹ jẹ́. O ní orúkọ ẹrú ni. O ò bi mí ẹni tó ni ín.”

Ẹ̀ṣọ́ náà pàápàá kò kúrò lọ́dọ̀ wa.

“Obìnrin tó tú ìwọ́ kúrò lọ́rùn rẹ,” ni ìyá alákẹtẹ̀ wí, “kí lo rò pé ó ń jẹ́?”

Ọ̀rẹ́ mi ní òun kò mọ̀ ọ́n.

“Miss Luvenia ló ń jẹ́. Kò sí olówó ẹrú kankan tó sọ ọ́ lórúkọ. Èmi ni. Kò gba nǹkan kan lọ́wọ́ mi lọ́jọ́ náà, n ò sì ní nǹkan tí mo lè fún un. Mo wá ní kí n máa pe orúkọ rẹ̀ lójoojúmọ́ ayé mi, kí Ọlọ́run má baà gbàgbé rẹ̀. Gbogbo ìgbà tí mo bá pè ọ́, òun ni mò ń dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.”

Mo yíjú sí ìyá mi kí n lè túmọ̀ rẹ̀ fún un. Kò tilẹ̀ nílò rẹ̀. Ìyẹn nìkan ni gẹ̀ẹ́sì obìnrin náà tó yé e láàárọ̀ ọjọ́ náà láìsí ògbufọ̀, ó sì ti fi ìborùn bo ojú. Ìgbà náà gan-an ni ilẹ̀kùn ṣí, tí òṣìṣẹ́ ilé-ẹjọ́ kan yọjú, tó ké pe orúkọ ọ̀rẹ́ mi. Luvenia ló pè. Mo rí i bí ọ̀rẹ́ mi ṣe gbọ́ ọ, bí ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ pè nígbà àkọ́kọ́.

Obìnrin ni adájọ́ náà, awò ojú rẹ̀ wà ní ṣóńṣó imú. Ọ̀rẹ́ mi dúró nídìí tábìlì kan, ìyá rẹ̀ dúró nídìí èkejì, èmi àti ìyá mi jókòó sẹ́yìn. Adájọ́ ka ìwé ẹ̀bẹ̀ náà wò, ó gbìyànjú orúkọ tuntun tó wà níbẹ̀, ahọ́n rẹ̀ kọsẹ̀, ó sì bèèrè bí wọ́n ṣe ń pè é. Mo ti ń tún ọ̀fun ṣe. Ṣebí iṣẹ́ tí mo tìtorí rẹ̀ wá nìyẹn. Ọ̀rẹ́ mi wẹ̀yìn, ó wò mí, ó mi orí, ó tún kọjú síwájú.

Ó ní, “Ẹ jọ̀ọ́, mà, mo fẹ́ gba ẹ̀bẹ̀ mi padà.”

Adájọ́ bọ́ awò ojú rẹ̀. Ó bi í bóyá ẹnikẹ́ni ló halẹ̀ mọ́ ọn, bóyá ẹnikẹ́ni ló fipá mú un. Ó ní rárá, òun fúnra òun ni. Adájọ́ ní ṣé ó yé e pé bí òun bá ti ẹjọ́ yìí pa, tó bá tún fẹ́ pààrọ̀ orúkọ lọ́jọ́ iwájú, ìbẹ̀rẹ̀ ni yóò ti tún bẹ̀rẹ̀. Ó ní ó yé òun. Ó wá dà bíi pé adájọ́ fẹ́ mọ ìdí ọ̀rọ̀ náà, ó ní kò pọn dandan kó dáhùn o, àmọ́ kí ló dé?

“Orúkọ tí mo wá gbà níbí, mo ti ní i,” ni ọ̀rẹ́ mi wí. “N ò mọ̀ ni. Èyí tí mo sì fẹ́ dà nù, ẹni tó gba ẹ̀mí mi là ló ni ín. Ìyẹn náà, n ò mọ̀.”

Adájọ́ yíjú sí ìyá rẹ̀, ó ní ṣé ó ní ohun tó fẹ́ sọ. Obìnrin náà ní, “Kò sí mọ́, mà. Kí ẹ kàn jẹ́ kí n lọ bá ọmọ mi nídìí tábìlì tọ̀hún ni.”

“Àmín!” ni ìyá mi ké láti ẹ̀yìn. Mo fẹ́ kí ilẹ̀ lanu gbé mi mì. Adájọ́ wò wá sùn, ó sì rẹ́rìn-ín músẹ́. Wọ́n fún ọ̀rẹ́ mi ní ìwé pélébé kan, ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé òun fínnúfíndọ̀ jáwọ́ nínú ẹjọ́ náà, ó fọwọ́ sí i, ó parí. Kí a tó wọlé, mo ti rò pé ìdájọ́ á pẹ́, pé á le. Kò pẹ́ tó ìgbà tí mo fi ń gba ẹ̀jẹ̀ lára aláìsàn.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ lẹ́yìn náà, bí o bá rí i, wàá rò pé àwa la jẹ́ olóríire ayé. Ìyá àti ọmọ dì mọ́ra, wọn kò jára sílẹ̀, àkẹtẹ̀ já bọ́. Ìyá mi ṣà á, ó gbọn eruku rẹ̀, ó gbé e dé orí ara rẹ̀ kó má baà sọ nù. Ó wá ní dandan ni kí ìyá ọlọ́mọ kọ́ bí wọ́n ṣe ń pe Àìná. “Dò-dò-mí,” ni ó wí, ó ń fi ìka júwe rẹ̀ nínú atẹ́gùn, ìsàlẹ̀, ìsàlẹ̀, òkè. Obìnrin náà gbìyànjú, ó gbé gbogbo rẹ̀ lọ sókè. Ọ̀rẹ́ mi gbìyànjú, ó rì í mọ́lẹ̀. Ẹ̀ṣọ́ tó wà nítòsí, tí kò sí ẹni tó pè é sí ẹ̀kọ́, sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, ó sì gún régé. Ìyá mi pàtẹ́wọ́ fún un, ó ní kí àwọn yòókù wo àpẹẹrẹ. A rẹ́rìn-ín títí ikùn fi ń dùn wá. Ilé oúnjẹ ni a gbà lọ, a jẹ ẹja díndín, àwọn ìyá méjèèjì sì ń bá gẹ̀ẹ́sì wọn lọ láìsí èmi, wọ́n ń mi orí sí ohun tí kò yé wọn.

Nígbà tí mo sọ ọ́ fún ọkọ mi nírọ̀lẹ́, ó ní, “So, ó lost case náà?” Mo ní kò lost o, ó gbà á padà ni. Ó ní kí ni ìyàtọ̀. Mo sọ ọ́ fún un títí, mo fò sókè, mo fọwọ́ ṣàpèjúwe, oúnjẹ rẹ̀ tutù. N kò tíì rí ẹni tó lọ sí kóòtù, tó ti ibẹ̀ jáde láìgba nǹkan kan, tí gbogbo ọwọ́ rẹ̀ sì kún báyẹn. Ní ibi iṣẹ́, Luvenia ló wà lórí káàdì àyà rẹ̀ báyìí, kì í ṣe Vee mọ́. Ní ilé òrìṣà wọn, Àìná ni wọ́n ń pè é. Ìyá rẹ̀ ń pe méjèèjì, bó bá ti bọ́ sí i lẹ́nu.

Àmọ́ èyí tó kù fún mi ni mo fẹ́ sọ fún ọ. Bí a ṣe ń padà sí Ellenwood lọ́jọ́ náà, mo bi ìyá mi ní ohun tí n kò bi í rí láti ogójì ọdún ó lé: ta ló sọ èmi náà lórúkọ? Ìtumọ̀ orúkọ mi ni mo mọ̀, ìyẹn kò le, ẹnikẹ́ni tó bá gbọ́ Yorùbá lè tú u. Ìyá mi ní àbúrò bàbá bàbá mi ni, obìnrin kan tí kò bímọ láyé rẹ̀. Ó ní lọ́jọ́ tí wọ́n kó mi jáde, ìyá náà jókòó sẹ́yìn gbogbo èèyàn, ó ní òun kò lè dá sí i, nítorí òun kò ní ọmọ tí òun sọ lórúkọ rí. Bàbá mi ló gbé mi lọ bá a níbẹ̀, ó gbé mi lé e lọ́wọ́, ó ní, “Ẹ sọ tèmi.” Orúkọ tó sọ ni mo ń jẹ́. Èmi kan ṣoṣo ló sọ lórúkọ láyé rẹ̀, kí n tó rìn ló sì ti kú.

Àwọn aláìsàn mi máa ń bi mí, bí mo bá ti ń wá iṣan lọ́wọ́ wọn, pé, “Nọ́ọ̀sì, kí ni ìtumọ̀ orúkọ yín?” Amẹ́ríkà kò ní ìbéèrè mìíràn fún wa. Tẹ́lẹ̀, gbólóhùn kan péré ni mo fi ń dá wọn lóhùn. Ní báyìí, ìyá tó jókòó sẹ́yìn gbogbo èèyàn ni mo máa ń kọ́kọ́ sọ fún wọn, àti bí bàbá mi ṣe gbé mi lé e lọ́wọ́. Ẹ̀rọ á máa yí, ẹ̀jẹ̀ á máa lọ, á máa bọ̀. Tí mo bá fi máa sọ̀rọ̀ rẹ̀ tán, ọ̀pọ̀ wọn kì í rántí bi mí ní ìtumọ̀ mọ́.